Ẹni Tó Ń Fara Dà Á Ló Ń Sọ Pé Ó Tó

Kí n tó bọ́ síta lọ ṣe eré, mo máa ń kọ ìwé kan. Kì í ju ojú ewé kan lọ. Mo máa ń kọ aago tí eré máa bẹ̀rẹ̀ àti aago tó máa parí, ohun tí màá ṣe àti ohun tí mi ò ní í ṣe, bóyá mo lè mu omi, bóyá ẹnikẹ́ni lè fọwọ́ kàn mí. Nísàlẹ̀ pátápátá ni orúkọ ẹnì kan ṣoṣo tó láṣẹ láti dá eré náà dúró bí ẹnu mi ò bá lè sọ ọ́ mọ́. Orúkọ àbúrò mi obìnrin ló sábà máa ń wà níbẹ̀. Nọ́ọ̀sì ni. Ó mọ ojú ẹni tó ti rẹ̀ yàtọ̀ sí ojú ẹni tó fẹ́ dákú. Àwa méjèèjì á fọwọ́ sí i, á ká a sínú báàgì rẹ̀, èmi á wá jáde.

Eré ìfaradà ni mo ń pe iṣẹ́ yìí: kí ènìyàn fi ara rẹ̀ ṣe iṣẹ́ ọnà, kó dúró, kó rìn tàbí kó ru ẹrù fún ọ̀pọ̀ wákàtí lójú gbogbo ayé, láìkọrin, láìsọ̀rọ̀, láìjó. Iṣẹ́ mi kejì ni fíìmù dọkumẹ́ńtárì. Ilẹ̀ Òkun wa ni mo ti ń ṣe méjèèjì, ní ìwọ̀-oòrùn Ìpínlẹ̀ Kogí, láàárín àwa Owé ní Kabba, àwọn Ìjùmú, àwọn Bùnú, àwọn Yàgbà àti àwọn Ọ̀wọ́rọ̀. Àwọn ọ̀dọ́ tó fẹ́ wọ inú irú iṣẹ́ yìí máa ń bi mí pé èwo nínú méjèèjì ni kí àwọn kọ́kọ́ kọ́. Ìdáhùn mi gùn díẹ̀, torí pé ìwé olójú ewé kan yẹn ni gbogbo rẹ̀ so mọ́.

Ẹ jẹ́ ká ti ibi ara bẹ̀rẹ̀, torí ara kì í gba irọ́. Ẹni tó bá rò pé ìfaradà ni kéèyàn kàn fún eyín pọ̀ kó máa jẹ̀rora, kò tíì mọ̀ ọ́n. Bí a bá dúró sójú kan láìmira, ẹ̀jẹ̀ á máa wọ́ lọ sí ẹsẹ̀, nítorí pé iṣan ẹ̀yìn ojúgun ló ń ti ẹ̀jẹ̀ padà sókè nígbà tí a bá ń rìn. Bí iṣan yẹn bá jókòó lásán, ọpọlọ ò ní í rí ẹ̀jẹ̀ tó, ènìyàn á sì ṣubú. Ohun tó ń gbé sójà tó le bí igi ṣubú lórí ìlà páréèdì nìyẹn, kì í ṣe àìlágbára. Mo ti kọ́ láti má ṣe na orúnkún tán, láti máa fún iṣan ẹsẹ̀ pọ̀ kí n sì tú u sílẹ̀ lábẹ́ ìró níbi tí ẹnikẹ́ni ò ti rí i, láti máa ká ọmọ ìka ẹsẹ̀. Àmì máa ń wá ṣáájú ìdákú: òógùn tútù, kéèyàn máa yán láìsí pé oorun ń kùn ún, kí etí máa dún, kí ojú máa ṣókùnkùn láti ẹ̀gbẹ́ wá sí àárín. Bí mo bá rí èyí tó kẹ́yìn yẹn, eré ti parí, ohun yòówù kí ìwé sọ. Bí ẹnì kan bá sì dákú níwájú yín, ẹ tẹ́ ẹ sílẹ̀ gbalaja, kí ẹ gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ sókè. Ẹ má gbé e dúró. Ẹ má da omi sí i lẹ́nu.

Omi náà ní ọgbọ́n tirẹ̀. Ní ìparí ẹ̀ẹ̀rùn, kí àkọ́rọ̀ òjò tó dé, oòrùn Kabba kì í ṣe ohun tí à ń fojú di. Ẹni tó ti ń làágùn láti àárọ̀, tó wá ń mu omi lásán ní àmuyó, ó lè fi fọ iyọ̀ ara rẹ̀ dànù, àìsàn gidi ni ìyẹn máa ń dá sílẹ̀. Ohun tí àbúrò mi ń pò fún mi ni èyí tí àwọn ìyá ń pò fún ọmọ tó ń ṣunú: lítà omi mímọ́ kan, ṣíbí ìmutíì ṣúgà mẹ́fà tó tẹ́jú, ààbọ̀ ṣíbí iyọ̀. Ní àsìkò ọyẹ́, òrí ni mo fi ń pa ara, torí ètè á là bí ilẹ̀ gbígbẹ, kámẹ́rà náà á sì nílò àkísà mímọ́ nígbà gbogbo.

Èmi kọ́ ni mo kọ́kọ́ ronú kan ìwé àdéhùn yẹn. Lọ́wọ́ Tehching Hsieh ni mo ti rí i, ọmọ Taiwan tó ṣe iṣẹ́ rẹ̀ ní New York. Ṣáájú iṣẹ́ ọlọ́dún kan kọ̀ọ̀kan, ó máa ń kọ ìwé kúkúrú kan, á fọwọ́ sí i: ohun tí òun máa ṣe, ọjọ́ tí òun á bẹ̀rẹ̀, ọjọ́ tí òun á parí. Láti 1978 sí 1979, ó gbé inú àhámọ́ onígi fún odindi ọdún kan. Kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀, kò kàwé, kò kọ̀wé, kò gbọ́ rédíò. Láti 1981 sí 1982, ìta ló gbé, kò wọ abẹ́ òrùlé kankan àfi ìgbà tí ọlọ́pàá mú un wọlé. Èyí tó wọ̀ mí lọ́kàn jù ni ti 1980 sí 1981. Ní wákàtí kọ̀ọ̀kan, tọ̀sán-tòru, ó ń fi káàdì lu aago, irú èyí tí àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ńlá fi ń jẹ́rìí pé àwọn ti dé ẹnu iṣẹ́. Bó bá ti lù ú, kámẹ́rà á ya àwòrán rẹ̀ ẹyọ kan. Wákàtí 8,760 ló wà nínú ọdún náà. Ó pàdánù 133, ó sì kọ ìdí wọn sílẹ̀: oorun gbé e lọ nígbà 94, ó pẹ́ nígbà 29, ó yá jù nígbà 10.

Àwọn àwòrán yẹn ló tò pọ̀ di fíìmù. Wákàtí 24 ló wà nínú ọjọ́ kan, àwòrán 24 ló sì wà nínú ìṣẹ́jú-àáyá kan ti fíìmù. Ọjọ́ kan wá di ìṣẹ́jú-àáyá kan, gbogbo ọdún sì di nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́fà. Orí tó fá kodoro níbẹ̀rẹ̀, a ń wò ó bí irun ṣe ń hù lórí rẹ̀ títí tó fi gùn. Kò sí àlàyé kankan, kò sí orin. Mo ka fíìmù yìí sí ọ̀kan lára àwọn dọkumẹ́ńtárì tó lótìítọ́ jù, ìdí mi sì ni pé ọwọ́ ẹnì kan ṣoṣo ni gbogbo àṣẹ wà: òun ló fara dà á, òun ló yà á, òun náà ló pinnu bí ọjọ́ kan ṣe máa kéré tó.

Ti Marina Abramović, obìnrin kan tí òun náà ń fi ara rẹ̀ ṣe iṣẹ́ ọnà, yàtọ̀. Ní Naples, ní Ítálì, lọ́dún 1974, ó kó nǹkan 72 sórí tábìlì. Òdòdó wà níbẹ̀, oyin wà níbẹ̀, síṣọ́ọ̀sì wà níbẹ̀, ìbọn àti ọta kan náà wà níbẹ̀. Ó ní kí àwọn òǹwòran lo èyí tó bá wù wọ́n lára òun fún wákàtí mẹ́fà, òun ò ní í mira. Wọ́n gé aṣọ mọ́ ọn lára, wọ́n fi abẹ kàn án, ẹnì kan sì na ìbọn yẹn sí i. Nígbà tí wákàtí mẹ́fà pé, tó ṣí ẹsẹ̀ tó ń bọ̀ lọ́dọ̀ wọn, wọ́n sá. Mo bọ̀wọ̀ fún ìgboyà rẹ̀ gidigidi, ṣùgbọ́n mi ò ní í ṣe irú rẹ̀ ní Kabba láéláé. Àwọn tó wà nínú yàrá yẹn lè sá lọ kí wọ́n má tún rí i mọ́. Tiwa kò rí bẹ́ẹ̀. Ẹni tó bá ṣe mí léṣe lọ́jà lónìí, a ó pàdé níbi òkú lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, ó sì lè jẹ́ ọkọ àbúrò ìyá mi. Ní ìlú tí gbogbo wa ti mọ ilé bàbá ara wa, eré tí a bá ṣe gbọ́dọ̀ jẹ́ èyí tí èmi àti òǹwòran lè jọ gbé ìlú pọ̀ lẹ́yìn rẹ̀.

Eré igi ìdáná ló là mí lójú. Lọ́dún 2013, Wura-Natasha Ogunji, olùṣeré bíi tèmi, àti àwọn obìnrin kan bo ojú wọn, wọ́n ń wọ́ kẹ́ẹ̀gì omi káàkiri òpópónà l'Ékòó. Nígbà tí mo rí àwòrán rẹ̀, àwọn ìyá wa tó ń ti oko bọ̀ nírọ̀lẹ́ ló wá sí mi lọ́kàn. Mo wá kọ ọ́ sínú ìwé pé màá di igi, màá fi òṣùká sórí, màá rù ú, màá sì máa rìn yí ọjà Kabba ká láìsọ̀rọ̀, láti ìdájí títí oòrùn á fi kan àtàrí. Mi ò ní í sọ ẹrù náà fúnra mi. Ẹni tó bá wù lè sọ̀ mí.

Mo ti kọ́kọ́ lọ rí ìyálọ́jà, mo ti lọ rí àwọn ìjòyè, mo ti lọ sọ fún àgọ́ ọlọ́pàá. Àwọn kan rò pé gbígba àṣẹ ń dín iṣẹ́ ọnà kù. Ní oṣù kìíní ọdún 2016, ọlọ́pàá mú Jelili Atiku, olùṣeré tó ti gba ẹ̀bùn Prince Claus ti ilẹ̀ Netherlands ní 2015, nítorí eré tó ṣe ní àdúgbò rẹ̀ gan-an ní Èjìgbò, l'Ékòó. Ẹni tí ayé mọ̀ nìyẹn. Èmi tí wọ́n mọ̀ ní Kabba nìkan, ìyálọ́jà ni mo fi ṣe odi.

Ilẹ̀ ò tíì mọ́ tán tí ìyá ẹlẹ́pà kan fi dìde. Ó kí mi bí àwa Òkun ṣe ń kíni, ó ní, "Ọmọ mi, òkun o. Ta ló ní kí o máa ru igi kiri ọjà?" Mi ò dáhùn. Ó tún wò mí. Ó pe ọmọkùnrin kan, wọ́n sọ̀ mí, ó fún mi lómi mu. Mo kúnlẹ̀ dúpẹ́, mo tún na ọwọ́ sí igi náà. Ẹnu yà wọ́n, ṣùgbọ́n wọ́n bá mi gbé e rù. Mi ò tíì rìn jìnnà tí àwọn alátà fi tún sọ̀ mí. Bó ṣe ń lọ nìyẹn títí oòrùn fi kan àtàrí. Ọlọ́kadà kan ní òun á gbé èmi àti igi délé lọ́fẹ̀ẹ́. Pásítọ̀ kan gbàdúrà fún mi lórí ìdúró. Àwọn kan ní orí mi ti dàrú, síbẹ̀ àwọn náà bá wọn gbé igi ọ̀hún sílẹ̀. Obìnrin kan tó lóyún sunkún, ó ní ìyá òun ló ru irú ẹrù yìí títí tó fi kú, kò sì sẹ́ni tó sọ̀ ọ́.

Ọmọkùnrin tó ń bá mi ya àwòrán ti gbọ́ ọ̀rọ̀ mi ṣáájú: kó má ya mí, kó ya ẹni tó bá wá bá mi. Nígbà tí mo wo ohun tó yà, mo rí i pé àwọn ará ọjà ló ṣe eré náà. Níbòmíràn, ìyà olùṣeré lè jẹ́ ọ̀rọ̀ láàárín òun àti ara rẹ̀. Ní ilẹ̀ wa, ẹrù tó bá wà lórí ẹnì kan lójú ọ̀nà, ẹrù gbogbo ẹni tó rí i ni. Láti ọjọ́ yẹn ni mo ti ń ṣe dọkumẹ́ńtárì.

Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un kí n tó gbàgbé. Àwọn ajínigbé ti sọ ojú ọ̀nà wa di ohun ẹ̀rù, ní ọ̀nà Kabba àti jákèjádò ilẹ̀ Yàgbà, àwọn ìdílé púpọ̀ sì ti ta ilẹ̀ àti ilé láti fi ra ẹ̀mí. Mo ti pa eré ìrìn ọ̀nà jíjìn tì pátápátá nítorí rẹ̀. Mo máa ń gbọ́ pé kí olùṣeré má bẹ̀rù. Ọmọ ọlọ́mọ ló ń gbé kámẹ́rà tẹ̀lé mi, mo sì mọ ìyá rẹ̀.

Ògìdì, ní Ìjùmú, ni mo ti mọ bó ṣe ń rí lára ẹni tí wọ́n ń yà. Ibẹ̀ ni wọ́n bí Nike Davies-Okundaye, gbajúmọ̀ oníṣẹ́ ọnà àdìrẹ, sí ní 1951, ó sì dá ibùdó ọnà sílẹ̀ níbẹ̀. Nítorí náà, àwọn ará Ògìdì mọ ohun tí ọnà jẹ́, wọn kì í bi ènìyàn léèrè jù. Mo fẹ́ ru ẹrù gun ọ̀kan nínú àwọn òkè àpáta tó yí ìlú náà ká, kí n sì ti sọ̀ kalẹ̀ kí ilẹ̀ tó ṣú. Ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan bẹ̀bẹ̀ pé àwọn fẹ́ wá yà á, mo gbà. Nígbà tí aago inú ìwé lù, ẹni tó ń darí wọn ní kí n tún un gùn lẹ́ẹ̀kan sí i. Ó ní oòrùn ṣẹ̀ṣẹ̀ ń rẹwà, pé ìṣẹ́jú márùn-ún péré ni. Àbúrò mi ní rárá. Ọ̀gbẹ́ni náà ní, "Sìsítà, ẹ jẹ́ kó fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́." Ó sì mọ̀ pé ìwé ní mi ò gbọdọ̀ sọ̀rọ̀. Àbúrò mi kò bá a jiyàn. Ó wá síwájú mi, ó na ọwọ́ méjèèjì sókè, ó sọ̀ mí.

Nígbà tí wọ́n gbé e sórí tẹlifíṣọ̀n, ibi tó ti sọ̀ mí yẹn ni wọ́n fi parí rẹ̀. Wọ́n fi orin ẹkún sí i. Ó wá dà bíi pé agbára ló pin mí. Àwọn ẹbí pè láti Lọ́kọ́ja àti Abúja pé ṣé ara mi ti yá. Kò sí àwòrán kan níbẹ̀ tí kò ṣẹlẹ̀. Gígé ni wọ́n fi purọ́. Mo rò ó fún ìgbà pípẹ́, torí pé iṣẹ́ tèmi náà nìyẹn: èmi náà máa ń padà sílé, màá jókòó ti kọ̀ǹpútà, màá gé ọjọ́ ayé ẹlòmíràn kúrú. Mo wá gbà pé àṣẹ láti sọ pé ó tó kò gbọdọ̀ parí níbi tí kámẹ́rà ti kú. Ó gbọ́dọ̀ bá a wọ yàrá tí a ti ń gé fíìmù, kó sì jókòó níbẹ̀ títí iṣẹ́ fi parí.

Bí mo ṣe dé Bùnú nìyẹn. Àwọn ìyá Bùnú ló ń hun aṣọ ipo, aṣọ pupa tí wọ́n fi ń yẹ́ òkú àgbà sí, tó sì ń wà lára egúngún. Òfì tó dúró lóòró, tí wọ́n gbé ti ògiri, ni wọ́n fi ń hun ún. Láyé àtijọ́, òwú pupa rẹ̀ kì í ṣe ti inú aró ilé. Aṣọ pupa tí àwọn oníṣòwò kó wá láti òkè òkun ni wọ́n ń tú ní fọ́nrán fọ́nrán, wọ́n á wá fi òwú rẹ̀ hun tiwọn. Ẹ rò ó wò: kí ènìyàn jókòó tú odindi aṣọ kan kó tó bẹ̀rẹ̀ òmíràn. Kò sí eré kan tí mo tíì ṣe tó súnmọ́ ìyẹn.

Mo ka ìwé àdéhùn fún ìyá tí mo fẹ́ yà. Ó gbọ́ ọ tán, ó ní, "Ó dára, ọmọ mi, ṣùgbọ́n mi ò ní í fọwọ́ síwèé. Ìwé ni wọ́n fi gba ilẹ̀ bàbá mi." A pe àkọ́bí rẹ̀ ọkùnrin, a pe olórí agbo ilé, a fi ẹnu ṣe é lójú wọn. Igi pẹlẹbẹ kan wà tó fi ń gbá òwú mọ́ra. Bó bá fi lu igi òfì lẹ́ẹ̀mejì, kámẹ́rà á kú, màá da aṣọ bò ó, màá sì ká ọwọ́ lé itan. Mi ò ní í bèèrè ìdí.

Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, a ò tíì jókòó dáadáa tó fi lù ú. Mo pa kámẹ́rà, mo da aṣọ bò ó. Ó ń bá iṣẹ́ rẹ̀ lọ, kò wò mí. Nígbà tó wù ú, ó ní kí n tàn án. Kò pẹ́, ó tún lù ú. Ẹni tó ń bá mi gba ohùn sílẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í kanra pé ilẹ̀ á ṣú lé wa lórí. Mo ní kó fara balẹ̀, pé iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀. Ìyá ń dán mi wò ni, ó sì lẹ́tọ̀ọ́ sí i: ẹni tí ìwé ti fi gba ilẹ̀ rẹ̀ gbọ́dọ̀ mọ̀ bóyá ọ̀rọ̀ ẹnu tèmi ní ìtumọ̀. Ìgbà tó dá a lójú, lílù yẹn dínkù, ọ̀rọ̀ sì bẹ̀rẹ̀ sí í jáde lẹ́nu rẹ̀. Ó sọ bó ṣe ń hun aṣọ lábẹ́ fìtílà lẹ́yìn tó bá ti oko dé. Ó sọ̀rọ̀ àwọn ọmọbìnrin rẹ̀ tó wà lókè òkun àti l'Ábújá, tí kò sí ọ̀kan tó mọ òfì. Ó sọ iye tí wọ́n ń ra aṣọ rẹ̀ àti iye tí wọ́n ń tà á fún ẹlòmíràn. Mi ò bèèrè ìkankan nínú rẹ̀.

Mo máa ń san owó ọjọ́ fún ẹni tí mo bá ń yà. Àwọn tó ń kọ́ni ní iṣẹ́ fíìmù máa ń sọ pé owó á ba òtítọ́ jẹ́. Mi ò gbà bẹ́ẹ̀. Ahunṣọ tó jókòó dúró kí n tò iná, kí n yí lẹ́ńsì padà, kí ọkọ̀ tó ń pariwo kọjá, ọwọ́ rẹ̀ kò sí lórí òfì ní gbogbo àkókò yẹn. Ẹni tó ń gba ohùn gbowó, ẹni tó ń gbé kámẹ́rà gbowó. Mi ò rí ìdí tí ẹni tí gbogbo rẹ̀ dá lé lórí á fi wá jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo tó ṣiṣẹ́ lọ́fẹ̀ẹ́.

Ti ẹ̀rọ kò gba ọ̀rọ̀ púpọ̀. Kámẹ́rà tèmi ń jẹ nǹkan bí gígábáìtì 22 ní wákàtí kan. Mo máa ń da gbogbo rẹ̀ sórí ẹ̀rọ ìpamọ́ méjì lálaalẹ́, ọ̀kan á wà lọ́dọ̀ mi, èkejì á sùn nílé ẹlòmíràn. Iná oòrùn ni mo fi ń gba bátìrì, torí jẹnẹrétọ̀ ń ba ohùn jẹ́, iná ìjọba kò sì ṣeé gbọ́kàn lé.

Kámẹ́rà kejì wà lórí igi ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta nínú igun yàrá, tó ń ya àwòrán ẹyọ kan ní ìṣẹ́jú-àáyá mẹ́wàá mẹ́wàá. Ẹ bá mi ṣírò: wákàtí 12 á fún wa ní àwòrán 4,320, bí a bá sì tò wọ́n ní 25 sí ìṣẹ́jú-àáyá kan, kò ní í pé ìṣẹ́jú mẹ́ta. Lójú mi, Hsieh ni mo ń tẹ̀ lé. Ó rẹwà púpọ̀: oòrùn ń rìn lára ògiri, aṣọ ń gòkè bí ohun tó ń hù. Mo gbé e han ìyá. Ó wò ó tán, ó dákẹ́, ó ní, "Ta ni obìnrin yìí? Báyìí kọ́ ni mo ṣe ń hun aṣọ. Gbogbo ibi tí ẹ̀yìn ti ń dùn mí, o ti yọ ọ́ kúrò."

Ọ̀rọ̀ yẹn ló tú gbogbo rẹ̀ fún mi. Hsieh lẹ́tọ̀ọ́ láti sọ ọjọ́ kan di ìṣẹ́jú-àáyá kan, torí pé ọjọ́ tirẹ̀ ni. Òun ló jí dìde lóru láti lọ lu aago. Ẹ̀yìn ìyá yìí kì í ṣe tèmi láti dín kù. Mo bi í pé kí n wá ṣe é báwo. Ó ní kí n fi ibi kan sílẹ̀ láìgé, láti ìgbà tí òun bá jókòó títí dìgbà tí ó bá di dandan kí òun dìde na ẹsẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ló ṣe wà nínú fíìmù náà. Ó ju ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ dáadáa, kámẹ́rà kò kúrò lójú kan, kò sí ọ̀rọ̀, ìró igi lára òwú nìkan ni. Àwọn òǹwòran ìgboro máa ń bẹ̀rẹ̀ sí í mira lórí àga nígbà tó bá di àárín rẹ̀. Mo ń fẹ́ bẹ́ẹ̀.

Nǹkan kan kò sí nínú fíìmù náà. Ìrọ̀lẹ́ kan, ìyá bẹ̀rẹ̀ ìtàn aṣọ kan tó hun nígbà tó ṣì jẹ́ ìyàwó tuntun. Ìmọ́lẹ̀ dára, ohùn rẹ̀ mọ́ gaara, kò sí ìró ọkọ̀ kankan. Ó dé ibi kan, ó fi igi lu òfì lẹ́ẹ̀mejì. Mo pa kámẹ́rà. Ó bá ìtàn náà lọ títí dé òpin, mo gbọ́ gbogbo rẹ̀, kò sì sí ohun tó ní kí n ṣe sí i ju kí n gbọ́ lọ.

Agbo ilé rẹ̀ la ti kọ́kọ́ fi fíìmù náà hàn, lára aṣọ funfun tí a na mọ́ ògiri, kó tó dé ibikíbi mìíràn. Mo ti sọ ọ́ di òfin ara mi pé àwọn tí mo yà ló gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ wò ó, àyè sì gbọ́dọ̀ wà láti tún un gé lẹ́yìn tí wọ́n bá wò ó. Wọ́n ní kí n yọ ibi tí àlejò kan ti kọjá láìmọ̀, mo yọ ọ́. Wọ́n ní orúkọ ìlú kan kò dún bó ṣe yẹ lẹ́nu mi, mo tún ohùn gbà. Àwọn ọmọbìnrin agbo ilé bèèrè ìtàn aṣọ tó dá dúró yẹn, ìyá sì sọ ọ́ fún wọn lálẹ́ ọjọ́ náà, kámẹ́rà mi wà nínú àpò.

Lẹ́yìn ìyẹn, àwọn tó ń yan fíìmù fún àjọ̀dún kan kọ̀wé sí mi. Wọ́n ní iṣẹ́ náà dára, ṣùgbọ́n ó dà bíi pé ohun kan ń bọ̀ tí kò dé. Ṣé mi ò ní ibi tí màmá ti sọ ìtàn náà dópin, tàbí ibi tó ti sunkún? Mo fèsì pé kò sí. Wọn ò mú fíìmù náà. Ó dùn mí, torí mo fẹ́ kí ọ̀pọ̀ ènìyàn rí iṣẹ́ ọwọ́ ìyá yẹn. Síbẹ̀, bí wọ́n bá tún bi mí lọ́la, ohun kan náà ni màá fèsì.

Àbúrò ìyá náà, tó ń rànwú ní abúlé kejì, ti ránṣẹ́ pé kí n wá ya òun náà nígbà tí òwú bá là lóko. Ó ti kó àdéhùn tirẹ̀ kalẹ̀. Ọwọ́ òun nìkan ni kí n yà, kí n má ya ojú. Kí n má wá lọ́jọ́ ìsinmi. Bí mo bá sì dé, èmi ni màá máa pọn omi ilé láti odò ní gbogbo ọjọ́ tí mo bá fi wà níbẹ̀, ọmọ-ọmọ òun á máa fi fóònù ya èmi náà, òun á sì wò ó kí òun tó mọ̀ bóyá òun á gbà kí fíìmù jáde. Mo ti gbà.